Òkúta Tí Wọ́n Ní Ó Lè Dá Àkókò Dúró

Ogún ọmọdé kì í ṣeré fún ogún ọdún. Bẹ́ẹ̀ ni àwọn àgbà wí, òdodo ọ̀rọ̀ sì ni. Bí ọjọ́ ti ń gorí ọjọ́, tí oṣù ń gorí oṣù, bẹ́ẹ̀ ni ọmọdé ń di géńdé, tí géńdé ń di arúgbó. Kò sì sí ọba tàbí olówó tí ó lè pàṣẹ kí oòrùn àná padà yọ. Nítorí èyí ni ọmọ aráyé ṣe fẹ́ràn láti máa pìtàn nípa ohun kan, yálà oògùn ni tàbí òkúta, tí ó lè dá àkókò dúró tàbí tí ó lè dá a padà sẹ́yìn. Nínú ìwé ìtàn àròsọ àti sinimá òde òní, láti òfuurufú ni irú ohun bẹ́ẹ̀ sábà máa ń já wá. Ẹni tí ó bá fọwọ́ kàn án, ọdún yóò di ìṣẹ́jú fún un, tàbí kí ìṣẹ́jú di ọdún.

N kì bá tí kọ ohunkóhun nípa irú ìtàn bẹ́ẹ̀, bí kò bá ṣe ti ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní kíláàsì wa ní Ayétẹ̀ níhìn-ín. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ajé kan, ọ̀kan nínú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi mú òkúta kan wá, ó fi aṣọ wé e. Ó ní ibi tí bàbá òun ti ń kọ ebè ní oko ni ọkọ́ ti kàn án. Òkúta náà kò gùn tó àtẹ́lẹwọ́. Ó dúdú, ó ń dán, ó sì rí pẹlẹbẹ. Ẹnu rẹ̀ mú bí ẹnu àáké, ìdí rẹ̀ sì rí róbótó. Gbogbo kíláàsì pa lọ́lọ́. Kò sí ọmọ ilẹ̀ Ìbàràpá kan nínú wa tí a ní láti sọ orúkọ rẹ̀ fún: edùn àrá ni.

Ọmọ náà wá sọ ohun tí ó wà lọ́kàn rẹ̀. Ó ní àlejò kan gbọ́ nípa òkúta náà, ó sì wá bá bàbá òun nílé. Àlejò náà ní òkúta láti ọ̀run ni, pé ó ní agbára tí ó ń mú kí agogo dúró, àti pé ẹni tí ó bá ní in lọ́wọ́ kò ní tètè gbó. Ó ní àwọn olówó òkè òkun yóò rà á ní ọ̀pọ̀ mílíọ̀nù náírà, ṣùgbọ́n kí bàbá kọ́kọ́ mú owó díẹ̀ wá tí òun yóò fi dán agbára rẹ̀ wò. Owó tí ó sì wà nílẹ̀ ní àkókò náà kò ju owó tí bàbá ti tọ́jú fún ìdánwò oníwèé mẹ́wàá ọmọ náà lọ.

Ó ní, “Ẹ jọ̀ọ́ sà, ṣé òótọ́ ni pé ohun kan wà tí ó ń ti òfuurufú wá, tí ó lè yí àkókò padà?”

Ìbéèrè náà kì í ṣe ti ẹ̀rín. Mo bẹ̀ ẹ́ kí ó sọ fún bàbá rẹ̀ pé kí wọ́n fi ọwọ́ mú owó náà fún ọ̀sẹ̀ kan. Ìdáhùn tí mo fún un nígbà tí ọ̀sẹ̀ náà pé ni mo kọ sílẹ̀ yìí, nítorí mo mọ̀ pé kì í ṣe òun nìkan ni ó yẹ kí ó gbọ́ ọ.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ mọ ohun tí edùn àrá jẹ́. Ìgbàgbọ́ àwọn baba ńlá wa ni pé nígbà tí Ṣàngó bá ń bínú, edùn àrá ni ó máa ń sọ láti ojú ọ̀run. Bí àrá bá jó ilé, àwọn Mọ́gbà, tí í ṣe àwòrò Ṣàngó, ni yóò wá sí ibẹ̀ láti wú edùn àrá náà jáde nínú ilẹ̀. Nínú ọpọ́n tí a gbé ka orí odó ní ojúbọ Ṣàngó ni a sì máa ń kó wọn sí. Kì í ṣe àwa Yorùbá nìkan ni ó ní irú ìgbàgbọ́ yìí. Ní ilẹ̀ Faransé, ní ilẹ̀ Jámánì, àti ní ọ̀pọ̀ ilẹ̀ Yúróòpù mìíràn, òkúta àrá ni àwọn ará oko ń pè é ní èdè wọn. Wọ́n a sì máa tọ́jú rẹ̀ sínú ilé kí àrá má baà jó wọn.

Ní ọdún 1723, ọ̀mọ̀wé kan tí ń jẹ́ Antoine de Jussieu sọ̀rọ̀ lórí òkúta wọ̀nyí níwájú àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ní Paris. Ó fi wọ́n wé àáké òkúta tí àwọn onílẹ̀ ní Amẹ́ríkà ṣì ń lò nígbà náà, ó sì fi hàn pé ọ̀kan náà ni wọ́n. Báyìí ni ọ̀rọ̀ ti edùn àrá wa náà rí. Kí irin tó dé ọwọ́ àwọn ènìyàn ilẹ̀ yìí, òkúta líle ni wọ́n ń gbẹ́, tí wọ́n ń lọ̀ lára àpáta títí yóò fi mú, tí wọ́n sì ń fi èèkù igi sí i láti fi gé igi àti láti fi ṣán oko. Nígbà tí irin dé, àáké òkúta di ohun ìgbàgbé. Ilẹ̀ bò wọ́n mọ́lẹ̀, àwọn ọmọ ọmọ kò sì mọ iṣẹ́ ọwọ́ baba wọn mọ́. Òjò ńlá tí àrá ń sán nínú rẹ̀ ni ó ń wọ́ ilẹ̀ lọ, tí ó sì ń hú wọn síta. Ẹni tí ó bá jáde lẹ́yìn òjò, tí ó rí irú òkúta bẹ́ẹ̀ níbi tí kò sí ohunkóhun ní àná, kí ni kò bá sọ bí kò ṣe pé àrá ni ó jù ú sílẹ̀?

Nítorí náà, òkúta tí ọmọ náà mú wá kò já láti ibì kankan. Ọwọ́ ènìyàn ni ó ṣe é.

Ṣùgbọ́n kí ẹnikẹ́ni má ṣe torí èyí fi àwọn baba wa rẹ́rìn-ín. Ní ti pé òkúta a máa já láti òfuurufú, òótọ́ ni. Àwọn ọ̀mọ̀wé gan-an ni kò tètè gbà. Nígbà tí Ernst Chladni, ọmọ ilẹ̀ Jámánì, kọ ìwé ní ọdún 1794 pé irú òkúta bẹ́ẹ̀ wà, ọ̀pọ̀ nínú àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ni ó fi í ṣe ẹlẹ́yà. Àfi ìgbà tí ó di ọjọ́ 26 oṣù kẹrin ọdún 1803, tí nǹkan bí 3,000 òkúta rọ̀ sílẹ̀ ní ìlú L'Aigle ní ilẹ̀ Faransé ní ọ̀sán gangan. Ìjọba rán Jean-Baptiste Biot lọ wádìí ọ̀rọ̀ náà. Ó ṣe ohun tí ó yẹ kí olùwádìí ṣe: ó bi àwọn ará abúlé léèrè, ó gbọ́ tẹnu wọn, ó sì yẹ òkúta náà wò. Nígbà tí ó padà dé, ó ní òtítọ́ ni àwọn àgbẹ̀ sọ.

Ní ilẹ̀ Nàìjíríà tiwa náà, irú rẹ̀ ti ṣẹlẹ̀. Ní ọjọ́ 3 oṣù kẹwàá ọdún 1962, àgbẹ̀ kan wà nínú oko àgbàdo rẹ̀ nítòsí àpáta Zagami ní agbègbè Katsina. Lójijì ni ó gbọ́ ìró kan tí ó ju ti àrá lọ, atẹ́gùn líle sì kọ lù ú. Ohun kan gbún ilẹ̀ níwọ̀n ẹsẹ̀ bàtà 10 péré sí ibi tí ó dúró sí, èéfín sì rú. Ihò tí ó dá sílẹ̀ jìn tó ẹsẹ̀ bàtà 2, òkúta tí wọ́n bá nínú rẹ̀ sì tẹ̀wọ̀n tó kílógíráàmù 18. Bí a bá pín àpò símẹ́ǹtì kan sí ọ̀nà mẹ́ta, ó wúwo ju ìdá kan lọ. Wọ́n gbé e lọ sí ilé iṣẹ́ ìjọba tí ń wádìí òkúta àti ilẹ̀ ní Kaduna.

Ọ̀pọ̀ ọdún kọjá kí a tó mọ ibi tí àlejò yìí ti wá. Ní ọdún 1976, ọkọ̀ òfuurufú méjì tí ń jẹ́ Viking balẹ̀ sí Mars, èyí tí í ṣe pílánẹ́ẹ̀tì tí ó tẹ̀lé ayé tiwa bí a bá ń lọ kúrò lọ́dọ̀ oòrùn. Wọ́n yẹ afẹ́fẹ́ ibẹ̀ wò, wọ́n sì fi iye ohun tí ó wà nínú rẹ̀ ránṣẹ́ sílé. Ní ọdún 1983, àwọn onímọ̀ kéde pé afẹ́fẹ́ tí ó há sínú òkúta kan tí a rí he ní Antarctica bá ti Mars mu. Lẹ́yìn náà ni a rí irú afẹ́fẹ́ kan náà nínú òkúta Zagami. Ara Mars ni a ti ṣẹ́ ẹ. Ohun ńlá kan tí ó já lu pílánẹ́ẹ̀tì náà ni ó ta á sókè, tí ó fi di alárìnkiri nínú òfuurufú.

Ǹjẹ́ òkúta tí ó ti Mars wá yìí lè dá àkókò dúró? Rárá o. Agogo tí a gbé tì í kò yára, kò sì falẹ̀. Ṣùgbọ́n ó ń ṣe ohun mìíràn tí ó yanilẹ́nu: ó ń ka àkókò. Ẹ jẹ́ kí n fi ẹ̀pà ṣe àpẹẹrẹ. Bí a bá fún ọmọ kan ní ẹ̀pà 64, tí a sì ní kí ó máa jẹ ìdajì ohun tí ó bá kù lójoojúmọ́, lẹ́yìn ọjọ́ kan yóò ku 32, lẹ́yìn ọjọ́ méjì 16, lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́ta 8. Bí a bá wọlé bá a, tí a rí ẹ̀pà 8 àti èèpo ẹ̀pà 56, a kò ní láti bi í léèrè kí a tó mọ̀ pé ọjọ́ mẹ́ta ni ó ti ń jẹ ẹ́. Nínú òkúta náà, àwọn átọ́ọ̀mù kan wà tí wọ́n ń yí padà di òmíràn ní irú ọ̀nà yìí. Ìwọ̀n tí wọ́n fi ń yí padà kì í yẹ̀, ìbáà ṣe nínú iná tàbí nínú yìnyín. Èyí tí ó kù ni ẹ̀pà, èyí tí ó ti yí padà ni èèpo. Nípa kíka méjèèjì ni a fi mọ̀ pé ó tó nǹkan bí mílíọ̀nù 180 ọdún tí òkúta Zagami ti tutù láti inú òkúta yíyọ́ nínú Mars.

Ó tún ní agogo kejì. Láti òfuurufú tí ó jìnnà réré ni àwọn ìtànṣán kan ti ń wá, tí ojú kò lè rí. Bí wọ́n bá kọ lu òkúta tí ó ń rìn nínú òfuurufú, wọn a máa fi àpá sí i lára, gẹ́gẹ́ bí oòrùn ti ń fi àpá sí ara ẹni tí ó rìnrìn-àjò ní ọ̀sán. Bí ìrìn náà bá ti pẹ́ tó ni àpá náà ń pọ̀ tó. Àpá wọ̀nyí fi hàn pé òkúta Zagami rìn fún nǹkan bí mílíọ̀nù 3 ọdún kí ó tó balẹ̀ sínú oko àgbàdo náà.

Mo fẹ́ kí ẹ fi ọkàn sí ìtànṣán yìí, nítorí ìdí ìbéèrè ọmọ náà wà níbẹ̀. Gbogbo ìgbà ni ó ń rọ̀ sórí ilẹ̀ ayé. Nígbà tí ó bá kọ lu afẹ́fẹ́ lókè, ní nǹkan bí kìlómítà 15 sí ilẹ̀, ohun tíńtìntín kan a máa jáde láti inú ìkọlù náà tí a ń pè ní muon. Carl Anderson àti Seth Neddermeyer ni ó rí i ní ọdún 1936. Nínú ìṣẹ́jú kọ̀ọ̀kan, nǹkan bí ọ̀kan nínú wọn ń gba èékánná àtàǹpàkò wa kọjá. Wọ́n ń gba inú páànù ilé kọjá, wọ́n ń gba inú àpáta Ìbàràpá wọlé. Bí ẹ ti ń ka ìwé yìí, wọ́n ń gba ara yín kọjá láìjẹ́ pé ẹ mọ̀.

Ọjọ́ ayé muon kúrú púpọ̀. Bí a bá pín ìṣẹ́jú-àáyá kan sí ọ̀nà mílíọ̀nù kan, méjì péré àti díẹ̀ nínú rẹ̀ ni muon ń lò ní ìpíndọ́gba kí ó tó parẹ́. Bí ó tilẹ̀ ń sáré tó ìmọ́lẹ̀, tí í rin kìlómítà 300,000 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, kò yẹ kí ó lè rìn ju nǹkan bí mítà 660 lọ. Báwo ni ẹni tí ọjọ́ rẹ̀ kò tó kìlómítà kan ṣe ń rin kìlómítà 15 dé ilẹ̀?

Ìdáhùn rẹ̀ ni Albert Einstein ti sọ ní ọdún 1905, kí ẹnikẹ́ni tó mọ̀ pé muon wà: bí ohun kan bá ń sáré tó bí ìmọ́lẹ̀ ti ń sáré, àkókò rẹ̀ yóò máa falẹ̀ lójú àwa tí a dúró. David Frisch àti James Smith dán èyí wò ní Amẹ́ríkà, wọ́n sì kọ àbájáde rẹ̀ jáde ní ọdún 1963. Wọ́n gbé ẹ̀rọ lọ sí orí òkè Washington, tí ó ga tó nǹkan bí mítà 1,900, wọ́n sì ka muon 563 láàárín wákàtí kan. Lẹ́yìn náà ni wọ́n sọ̀ kalẹ̀ dé ẹ̀bá òkun. Bí ó bá jẹ́ pé bákan náà ni àkókò ń rìn fún muon àti fún wa, nǹkan bí 27 péré ni ì bá yè láti òkè dé ilẹ̀. Muon 408 ni wọ́n kà. Àkókò àwọn ohun tíńtìntín náà falẹ̀ tó ìlọ́po mẹ́sàn-án sí tiwa.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti orí òkè nìkan. Fóònù tí awakọ̀ ń wò kí ó má baà ṣìnà ń gba ìròyìn lọ́dọ̀ àwọn agogo tí ń yí ayé po lókè. Ìyára wọn ń fa àkókò wọn sẹ́yìn, ṣùgbọ́n jíjìnnà wọn sí òòfà ilẹ̀ ayé ń tì í síwájú jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní ọjọ́ kan, wọ́n ń fi 38 nínú ìdá mílíọ̀nù ìṣẹ́jú-àáyá ṣíwájú agogo ti ilẹ̀. Bí àwọn onímọ̀ kò bá tún un ṣe, kò ní pẹ́ tí fóònù náà yóò fi máa tọ́ka sí Ìgbò-Ọrà fún ẹni tí ó wà ní Èrúwà.

Nítorí náà, mo sọ fún ọmọ náà pé ohun tí ó ń ti òfuurufú wá, tí àkókò ń fà gùn fún, wà lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí ohun mẹ́ta. Èkínní, ìyára ni ó fà á. Muon kò ní oògùn kan nínú. Èkejì, kò sí ẹni tí ó lè dì í sínú aṣọ, kí ó gbé e wá sí ọjà. Ẹ̀kẹta, tí ó ṣe pàtàkì jù lọ, ni pé falẹ̀ ni àkókò ń falẹ̀. Kò padà sẹ́yìn rí. Muon tí ó pẹ́ láyé náà kú nígbẹ̀yìn. Ẹni tí ó bá ní òkúta kan yóò dá ọjọ́ àná padà, irọ́ ni ó ń pa.

Ǹjẹ́ òkúta ọmọ náà wá di ohun yẹpẹrẹ bí? Kò rí bẹ́ẹ̀. Ìtànṣán kan náà tí ó ń ṣẹ̀dá muon ni ó ń sọ díẹ̀ nínú afẹ́fẹ́ wa di kábọ́ọ̀nù 14. Ewéko ń fà á símú, ẹranko ń jẹ ewéko, àwa náà sì ń jẹ méjèèjì. Bí igi bá kú, kábọ́ọ̀nù 14 inú rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í dín kù bí ẹ̀pà inú àpẹẹrẹ wa, ìdajì ní nǹkan bí 5,730 ọdún. Willard Libby ni ó kọ́kọ́ fi èyí mọ ọjọ́ orí ohun àtijọ́ ní ọdún 1949, ó sì gba ẹ̀bùn Nobel nítorí rẹ̀ ní ọdún 1960. Nípa ọgbọ́n yìí ni a fi mọ ọjọ́ orí àwọn ohun tí Thurstan Shaw wú jáde ní ọdún 1965 ní Ihò Eléérú, nítòsí Ìsàrun ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó. Ó bá egungun ènìyàn nísàlẹ̀, tí èédú tí ó wà pẹ̀lú rẹ̀ fi hàn pé ó ti ju 11,000 ọdún lọ. Nínú ilẹ̀ tí ó wà lókè rẹ̀ ni ó ti bá àáké òkúta tí a lọ̀, irú èyí tí a ń pè ní edùn àrá.

Ẹ wo bí ọ̀rọ̀ náà ti yí po. Edùn àrá kò ti ọ̀run wá, ṣùgbọ́n ohun tí ó ti ọ̀run wá ni ó ń sọ ọjọ́ orí rẹ̀ fún wa. Àmọ́ kábọ́ọ̀nù yìí kò sí nínú òkúta. Inú èédú àti egungun tí ó sùn tì í nínú ilẹ̀ ni ó wà. Ẹni tí ó bá fa edùn àrá yọ, tí kò sàmì sí ibi tí ó ti rí i, tí ó sì da erùpẹ̀ ibẹ̀ nù, ti ya ẹlẹ́rìí kúrò lára ọ̀rọ̀ rẹ̀. Kò sí ọgbọ́n kankan láyé tí yóò fi mọ àkókò rẹ̀ mọ́.

Nígbà tí mo parí ọ̀rọ̀, ọmọ náà béèrè ohun tí òun yóò sọ fún bàbá òun. Mo ní kí ó kí wọn fún mi, kí ó sì sọ fún wọn pé ohun tí wọ́n rí kì í ṣe ohun títà. Kí wọ́n fi òpó sàmì sí ibi tí ọkọ́ ti kàn án, kí wọ́n má ṣe gbẹ́ ibẹ̀ mọ́, kí a lè ránṣẹ́ sí àwọn onímọ̀ ní Yunifásítì Ìbàdàn. Mo tún ní kí ó bi àlejò náà ní ìbéèrè kan ṣoṣo: bí òkúta yìí bá lè dá àkókò dúró, èé ṣe tí òun fi ń kánjú gba owó?

Bàbá náà bi í bẹ́ẹ̀. Àlejò náà kò padà wá mọ́. Owó ìdánwò dé ilé ìwé kí ọjọ́ tó pé, ọmọ náà sì bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ jókòó ṣe ìdánwò. Àkókò tí a bá lò dáradára kò ní kí a máa wá òkúta tí yóò dá a padà.

ÌBÉÈRÈ

1. Èé ṣe tí àwọn ènìyàn fi sábà máa ń rí edùn àrá lẹ́yìn òjò ńlá?
2. Báwo ni a ṣe mọ̀ pé ara Mars ni òkúta Zagami ti wá?
3. Ṣe àlàyé àpẹẹrẹ ẹ̀pà ní ọ̀rọ̀ ara rẹ.
4. Kí ni iye muon tí Frisch àti Smith kà lórí òkè àti lẹ́bàá òkun kọ́ wa nípa àkókò?
5. “Ó ya ẹlẹ́rìí kúrò lára ọ̀rọ̀ rẹ̀.” Kí ni òǹkọ̀wé ní lọ́kàn?
6. Kọ àròkọ lórí ohun àtijọ́ kan tí ó wà ní ìlú rẹ, kí o sì sọ bí ó ṣe yẹ kí a tọ́jú rẹ̀.